Bí Ẹ Ṣe Máa Bá Láńlọ́ọ̀dù Dọ́rẹ̀ẹ́ Kó Tó Di Ọjọ́ Àbámẹ́ta

Ẹ̀yìn Ọjà Ọba,
Àkúrẹ́.
Ọjọ́rú, lẹ́yìn ilé ìwé.

Bàámi,

Mo kúnlẹ̀ kí yín o. Bí ẹ bá rí i pé ìkọ̀wé mi wọ́, orí ìkúnlẹ̀ ni mo ti kọ ìlà àkọ́kọ́ yìí lóòótọ́, kí n tó dìde jókòó. Màámi kí yín. Gbogbo ará ilé kí yín, àfi àkùkọ wa, tí a pa jẹ lọ́jọ́ Àìkú nítorí pé àgbàdo tó ń jẹ ti ju èyí tí àwa ń jẹ lọ.

Bọ̀dá Ràúfù tó ń fi píkọ́ọ̀pù kó kòkó gbé lẹ́tà yín dé lánàá. Lẹ́tà! Bàámi, ṣé ìyẹn náà ni à ń pè ní lẹ́tà? Mo yí i síwájú, mo yí i sẹ́yìn, mo gbọ̀n ọ́n bóyá ìyókù á já bọ́. Gbogbo ohun tó wà níbẹ̀ nìyí: "Bọ́sẹ̀, mo dé ire. Alángbá rẹ kò jẹun láti ọjọ́ tí a ti dé. Mo fún un ní ẹ̀bà, kò jẹ. Ó sì fẹ́ gé mi jẹ. Bí ó bá fi di ọjọ́ Àbámẹ́ta tí kò jẹun, màá tú u sílẹ̀ sínú igbó kó lọ wá ẹbí rẹ̀. Bàbá rẹ." Ó tán.

Ẹ̀bà! Bàámi, ẹ fún Láńlọ́ọ̀dù ní ẹ̀bà! Mo rẹ́rìn-ín títí àwọn télọ̀ tó wà ní ìsọ̀ iwájú fi pa ẹ̀rọ ìránṣọ wọn, wọ́n ní kí ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹ̀rín tán, àyà mi já. Ẹ mọ̀ pé ẹsẹ̀ ẹ̀yìn rẹ̀ ọ̀tún kò ṣiṣẹ́. Alángbá tó ń tiro nínú igbó Bọ́lọ́rundúró tí ẹ wà yẹn, oúnjẹ àárọ̀ àṣá ni. Kò ní í rí ẹbí kankan kó tó kú. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tú u sílẹ̀. Bọ̀dá Ràúfù ń padà bọ̀ lọ́dọ̀ yín ní ìdájí ọ̀la, ẹ máa rí lẹ́tà yìí gbà lọ́jọ́bọ̀. Ó ku odindi ọjọ́ méjì. Ọjọ́ méjì tó, bí ẹ bá lè ṣe ohun tí mo bá sọ.

Mo mọ̀ pé bàbá ló ń kọ̀wé gba ọmọ nímọ̀ràn. Nígbà tí mo wọ ilé ìwé girama, ẹ kọ tèmi fún mi, ojú ewé mẹ́rin, ẹ fi nọ́ńbà sí i láti oókan dé mẹ́rìnlá. Ó ṣì wà nínú Bíbélì mi. Nọ́ńbà keje ni pé kí n yé sọ àsọdùn, kí n yé sọ ìkòkò di òkè. Mo ń gbìyànjú. Ṣùgbọ́n nínú ọ̀rọ̀ alángbá, ẹ má bínú, èmi ni àgbà, ẹ̀yin lọmọ tuntun tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀ wá sáyé. Ọdún mẹ́ta ni mo ti fi ń bá a gbé. Gbogbo àṣìṣe tí ẹ̀dá lè ṣe sí alángbá ni mo ti ṣe, mo sì tún dá méjì sílẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò ṣe rí.

Ẹ̀kínní. Ẹ má tí ì gbé e. Ẹ má tilẹ̀ fọwọ́ kàn án lọ́jọ́bọ̀. Ìrìn àjò dẹ́rù bà á. Ẹ gbé e sínú páálí, ẹ gbé páálí sórí píkọ́ọ̀pù, píkọ́ọ̀pù fò láti kòtò dé kòtò. Bó bá ṣe èmi ni, n kò ní í jẹun fún oṣù kan. Nígbà tí mo kọ́kọ́ mú un, ńṣe ni mo ń gbé e kiri bí ọmọ ìkókó. Mo fi í sínú báàgì ilé ìwé. Mo gbé e lọ sí ọjà. Mo gbé e lọ kí ọ̀rẹ́ mi tó wà ní Ìjarẹ̀, wọ́n sì gbé e láti ọwọ́ dé ọwọ́ bí àwo ẹran. Odindi ọjọ́ mẹ́jọ ni kò fi ẹnu kan nǹkan. Ohun tó jẹ́ kó jẹun níkẹyìn ni pé ibà dá mi dùbúlẹ̀, n kò lè dìde lọ yọ ọ́ lẹ́nu. Nítorí náà ẹ kàn jókòó tì í. Ẹ máa bá a sọ̀rọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ kó mọ ohùn yín. Ohun tí ẹ bá sọ kò ṣe nǹkan kan fún un. Ẹ lè ka Sáàmù. Ẹ lè bú mi.

Ẹ̀kejì. Bí ẹ bá máa na ọwọ́ sí i, ẹ má ṣe na án wá láti òkè láé. Ohun tó bá ti òkè bọ̀ lójú alángbá, àṣá ni. Ó mọ̀ pé bàbá mi lẹ jẹ́? Rárá, àṣá tó wọ sòkòtò lẹ jẹ́. Nísàlẹ̀ ni kí ọwọ́ yín ti wá, láti ẹ̀gbẹ́, níbi tí ojú rẹ̀ ti lè rí i, ẹ sì rọra wá abẹ́ ikùn rẹ̀ kí gbogbo ẹsẹ̀ rẹ̀ lè rí nǹkan tẹ̀. Ẹ máa fi ìka kan gbé ẹsẹ̀ tó rọ yẹn. Mo na ọwọ́ sí i lójijì láti òkè rí, ó gé mi jẹ. Ẹ̀jẹ̀ tó jáde tó garawa kan. (Nọ́ńbà keje. Ó tó ẹ̀kán méjì.) Bó bá gé yín jẹ, ẹ má ja ọwọ́ gbà, ẹ fara balẹ̀, á tú u sílẹ̀ fúnra rẹ̀, kí ẹ wá fi ọṣẹ fọ ojú ọgbẹ́ náà dáadáa. Ẹ ò sì gbọdọ̀ fi ìrù fà á. Ẹ ò rí i pé ìrù rẹ̀ kúkúrú bí sòkòtò ọdún tó kọjá? Ọwọ́ mi ni ìyókù ṣẹ́kù sí lọ́jọ́ kan, ó ń jà pọ̀rọ̀pọ̀rọ̀, mo sì sunkún ju òun tó ni ín lọ.

Ẹ̀kẹta, mo fi í pamọ́ ná. Ó wà ní ìsàlẹ̀.

Ẹ̀kẹrin ni oòrùn, mo sì mọ̀ pé ibí yìí gan-an lẹ ti ṣìnà. Màá búra pé abẹ́ ibùsùn lẹ gbé páálí rẹ̀ sí. Mo mọ̀ yín. Inú rere yín ló sọ pé kí ó wà níbi tútù, kí ẹnikẹ́ni má yọ ọ́ lẹ́nu. Bàámi, alángbá kò dà bí èèyàn. Iná tí à ń fi se oúnjẹ inú rẹ̀, ọ̀run ló wà. Bí oòrùn kò bá kọ́kọ́ pa á, kò lè jẹun, bó bá sì jẹ, kò ní í dà. Bí oòrùn bá ti yọ, ẹ gbé e síta. Ẹ fi nẹ́ẹ̀tì bo orí páálí, ẹ fi òkúta tẹ ẹ́, kí ìdajì páálí wà nínú oòrùn, kí ìdajì wà ní ibòòji, kó lè sá wọlé bó bá gbóná jù. Ẹ fi omi sínú ìdérí agolo. Ẹ má lọ gbàgbé rẹ̀ sínú oòrùn ọ̀sán o. Mo ṣe bẹ́ẹ̀ rí, díẹ̀ ló kù kí ó di súyà.

Orí rẹ̀ ni kí ẹ máa wò. Wọ́n máa ń sọ pé gbogbo alángbá ló dakùn délẹ̀, a ò mọ èyí tí inú ń run. Èmi mọ̀ ọ́n. Bí ara Láńlọ́ọ̀dù bá yá, orí rẹ̀ á pọ́n bí ata rodo, ara rẹ̀ á dúdú bí aró. Bí inú rẹ̀ kò bá dùn, gbogbo rẹ̀ á rí bí eruku. Bó bá la ẹnu sílẹ̀ tó tẹ́ ara pẹrẹsẹ, ó ń sọ pé "Ọ̀gbẹ́ni, kúrò níwájú mi" ni. Ẹ kúrò. Ẹ padà wá lẹ́yìn náà.

Bó bá sì ń mi orí sí yín, ẹ má mi orí padà! Ẹ gbọ́ o. Gbogbo ayé rò pé alángbá ń yin ara rẹ̀ ni. Ìjà ló ń pè. Ó ń sọ pé òun ló ni ògiri. Mo ti mi orí dá a lóhùn rí, mo rò pé à ń kí ara wa, àfi bó ṣe fò mọ́ mi láyà. Ìdí tí mo fi sọ ọ́ ní Láńlọ́ọ̀dù nìyẹn. Ẹ kàn jókòó sílẹ̀, kí ẹ má ga jù ú lọ, kí ẹ máa wo ibòmíràn bí ẹni tó ń san owó ilé déédéé.

Ẹ̀karùn-ún: ọwọ́ fífọ̀. Kí ẹ tó gbé e, ẹ fọ̀ ọ́. Bí ẹ bá gbé e tán, ẹ fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, ẹ má kàn da omi sí i. Ẹ má jẹ́ kó rìn lórí àwo yín tàbí lórí ibùsùn, ẹ má sì fi ẹnu kò ó lẹ́nu bó ti wù kí ìfẹ́ yín pọ̀ tó. Ìdọ̀tí tó wà lára alángbá kì í ṣe òun alára ní nǹkan kan, ṣùgbọ́n àwa ni inú wa máa ń sọ̀rọ̀. Mo gbé e tán lọ́jọ́ kan, mo ki ọwọ́ bọ gúgúrú. Màámi ka iye ìgbà tí mo sáré lọ sẹ́yìnkùlé, ó ní òun kò ka nọ́ńbà tó tó bẹ́ẹ̀ rí láti ìgbà tí òun ti ń tajà.

Ọ̀rọ̀ oúnjẹ wá kù. Kòkòrò tó wà láàyè ló ń jẹ: ẹlẹ́ǹgà, ikán, èèrà, ìdin. Ṣùgbọ́n kòkòrò tí ẹ bá máa fún un kò gbọdọ̀ fẹ̀ ju àlàfo tó wà láàárín ojú rẹ̀ méjèèjì lọ, kó má baà há a lọ́fun. Ẹ̀yin wà ní Bọ́lọ́rundúró, ibi tí ẹlẹ́ǹgà pọ̀ ju èèyàn lọ, ẹ wá ń ro ẹ̀bà fún un! Ṣùgbọ́n ẹ dákun, èyí kì í ṣe àwàdà: ẹ má mú ẹlẹ́ǹgà kankan nínú oko kòkó tí ẹ ń ṣọ́. Bọ̀dá Ràúfù ní wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fín in ni. Oògùn tí wọ́n fi ń fín kòkó máa ń wà lára kòkòrò tó bá rìn lórí ewé rẹ̀. Mo fún un ní aáyán kan rí ní ìsọ̀ Màámi, aáyán yẹn ń rìn jẹ́jẹ́, mo rò pé ọ̀lẹ ni, n kò mọ̀ pé Màámi ti fín oògùn síbẹ̀ ní àárọ̀. Láńlọ́ọ̀dù gbọ̀n láti ọ̀sán di ìrọ̀lẹ́. Mo jókòó tì í, mo ṣèlérí fún Ọlọ́run pé bí kò bá kú màá máa lọ sílé ìwé lójoojúmọ́. Ẹ wo oṣù yẹn nínú káàdì ilé ìwé mi, ẹ máa rí i. Nítorí náà ibi tí wọ́n kò fín ni kí ẹ ti wá a. Òkìtì ikán ló dára jù. Ẹ gé e díẹ̀ lójú, ẹ gbọn ikán sórí ewé.

Ní báyìí mo ní láti jẹ́wọ́ nǹkan kan, ẹ jókòó kí ẹ tó kà á.

Mo sọ fún yín lọ́jọ́sí pé mo rí Láńlọ́ọ̀dù lẹ́bàá ògiri ṣọ́ọ̀ṣì pẹ̀lú ẹsẹ̀ kíkán. Irọ́ ni. Èmi ni mo kán an. Ẹni ọdún mẹ́tàlá ni mí nígbà náà, èmi àti àwọn ọmọ ìsọ̀ télọ̀ jọ ń ta kànnàkànnà. Wọ́n ní obìnrin kò lè ta á. Ó wà lórí ògiri, ó ń yá oòrùn, orí rẹ̀ pọ́n, kò ṣe mí ní nǹkan kan. Mo ta òkò, ó bà á. Ó já bọ́ gbì. Àwọn ọmọ náà ń pariwo "Bọ́sẹ̀ ọdẹ! Bọ́sẹ̀ ọdẹ!" Inú mi dùn fún ìwọ̀n ìgbà tí èèyàn fi ń gbé itọ́ mì. Ó wá fẹ́ gun ògiri yẹn padà, ẹsẹ̀ kan kò tẹ̀ lé e. Ó gbìyànjú, ó já bọ́. Ó tún gbìyànjú. Bó ṣe ń já bọ́ ni orí rẹ̀ ń ṣá, títí ó fi rí bí eruku ilẹ̀. Mo fi yúnífọ́ọ̀mù mi wé e, mo gbé e wálé.

Bẹ́ẹ̀ ni. Èmi náà ni mo gbàlejò rẹ̀, èmi náà ni mo ṣe é léṣe. N kò sọ ọ́ fún yín rí nítorí pé ọjọ́ yẹn gan-an lẹ fi mí yangàn fún Màámi: "Wo ọmọ mi, ó láàánú." Bàámi, àánú kọ́. Gbèsè ni. Ṣùgbọ́n ó ti di àánú níkẹyìn. Ọ̀pọ̀ ìmọ̀ràn ni mo ti rí nínú Bíbélì; èyí tí mo rí lára alángbá ni pé èèyàn lè bẹ̀rẹ̀ nǹkan pẹ̀lú ìtìjú kó sì parí rẹ̀ pẹ̀lú ìfẹ́, bó bá sáà ti dúró tì í.

Ẹ rántí bó ṣe di èrò Bọ́lọ́rundúró. Ó wọ inú gèlè Màámi, Màámi wé e, kò mọ̀, ó di àárín ìpàdé àwọn obìnrin ṣọ́ọ̀ṣì kí Láńlọ́ọ̀dù tó yọjú wo ìjọ. Wọ́n ní ìyá kan gba ojú fèrèsé jáde. Màámi délé, ó ní, "Èmi tàbí alángbá yìí nínú ulé yìí! Bọ́sẹ̀, mú ọ̀kan!"

Mo ní, "Màámi, ẹ jẹ́ kí n rò ó ná."

Ẹ̀yìn ọrùn mi ṣì ń gbóná níbi tí Màámi ti gbá mi.

Ẹ̀yin ń di ẹrù yín lọ́wọ́ nínú yàrá, láti lọ ṣọ́ oko. Láti ìgbà tí wọ́n ti fún yín níwèé ní ọ́fíìsì pé kí ẹ máa lọ, ẹ kì í bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ ju "ẹ kú àárọ̀" lọ. Ẹ yọ orí jáde, ẹ ní, "Gbé e wá. Màá mú un lọ." Bàámi, gbólóhùn yẹn ló gùn jù nínú èyí tí ẹ sọ ní gbogbo ọ̀sẹ̀ yẹn. Mo fẹ́ fò. Ẹ rò pé ẹ̀yin lẹ ń bá mi tọ́jú rẹ̀. Èmi sì rò pé òun ni mo ń rán tẹ̀ lé yín.

Bọ̀dá Ràúfù pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́tò lánàá lẹ́yìn tó fún mi ní lẹ́tà. Ó ní, "Bọ́sẹ̀, má sọ fún ìyá ẹ o. Ọ̀sán gangan ni mo débẹ̀, bàbá ẹ tilẹ̀kùn, kò ṣí fèrèsé. Ó ti rù. Mo rí ẹ̀bà kan lórí tábìlì, ó ti gbẹ bí amọ̀. Mo ní, 'Bàbá, ẹ̀bà yìí ńkọ́?' Ó ní, 'Ti alángbá ni.'"

Mo ní, "Báwo ló ṣe tóbi tó?"

Ó fi ọwọ́ méjèèjì júwe rẹ̀. Bàámi, alángbá wo ló ń jẹ òkèlè tó tó yẹn? Ẹ̀bà yín ni. Ẹ̀yin náà kò jẹ ẹ́.

N kò sọ fún Màámi. Ṣùgbọ́n èmi ni mo ń kọ̀wé, mo sì ti bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kí n parí rẹ̀, kí ẹ bá mi wí nígbà tí ẹ bá dé. Wọ́n fi ìwé pélébé kan lé yín lọ lẹ́yìn gbogbo ọdún tí ẹ fi sìn wọ́n. Ó dun gbogbo wa. Ó ṣì ń dùn wá. Ẹ wá fi ìwé pélébé kan sọ fún mi pé Láńlọ́ọ̀dù á máa lọ lọ́jọ́ Àbámẹ́ta, nítorí pé ó ń tiro, nítorí pé kò wúlò. Ẹ má ṣe ohun tí wọ́n ṣe sí yín sí i. Ẹ dákun. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja, ẹ sì mọ̀ pé obìnrin kì í dọ̀bálẹ̀.

Ẹ̀kẹta nìyí, èyí tí mo fi pamọ́. Lọ́jọ́ Ẹtì, bí oòrùn bá ti ta díẹ̀, ẹ gbé páálí síta. Ẹ gbé àga kékeré yẹn síta pẹ̀lú. Ẹ gbé oúnjẹ tiyín náà síta, èyí tó gbóná o. Mo fi gààrí àti ẹja gbígbẹ mẹ́ta rán Bọ̀dá Ràúfù sí yín, Màámi ló sì san owó ẹja náà, ẹ má bi mí bí mo ṣe sọ ọ́ fún un tó fi san án. Ẹ fi ikán mẹ́rin márùn-ún sí àtẹ́lẹwọ́ yín, ẹ tẹ́ ọwọ́ náà sílẹ̀ pẹrẹsẹ nínú páálí, kí àwọn ìka wà papọ̀ kó má baà pe ìka yín ní ìdin. Ẹ má mì. Kò ní í wá kíá. Ó lè pẹ́ títí apá yín á fi ro. Ẹ dúró dè é. Kì í fẹ́ kí a wo òun lẹ́nu bó bá ń jẹun, nítorí náà ẹ wo oko, kí ẹ fi ọwọ́ kejì mú oúnjẹ tiyín. Ọwọ́ òsì ni kí ẹ fún un. Ọ̀tún ni ẹ máa fi jẹ ẹ̀bà. Bí nǹkan kan bá rọra lá àtẹ́lẹwọ́ yín, bí ahọ́n ọmọ ológbò, òun nìyẹn.

Ó jẹun lọ́wọ́ mi báyìí lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́sàn-án, èmi tí mo kán an lẹ́sẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ kò ṣe é ní nǹkan kan, kò ní í pẹ́ tó bẹ́ẹ̀.

Bọ̀dá Ràúfù ní òun máa sùn ní Oǹdó, òun á sì gba ọ̀dọ̀ yín kọjá lọ́jọ́ Àbámẹ́ta kí òun tó padà sí Àkúrẹ́. N kò fẹ́ lẹ́tà gígùn. Ẹ kò kúkú mọ̀ ọ́n kọ mọ́. Láti oṣù tí wọ́n ti fún yín níwèé yẹn ni ẹ ti ń pè mí ní Bọ́sẹ̀, bí olùkọ́ tó ń pe orúkọ ní kíláàsì. Ẹ kò tíì pè mí ní Àbẹ̀kẹ́ lẹ́ẹ̀kan. Mo ń kà á. Nítorí náà ọ̀rọ̀ mẹ́ta péré ni kí ẹ kọ, kí ẹ fi lé Bọ̀dá Ràúfù lọ́wọ́: "Àbẹ̀kẹ́, a jẹun."

Bí ẹ bá kọ "ó jẹun," màá dá a padà.

Èmi ni,
ọmọ yín tó láàánú,
Àbẹ̀kẹ́.